Ta Ni Àrólé Èdè Síkítíà?

Bàbá Shambe gbé etí ọ̀tún lé ẹnu ìkòkò náà, ó dijú, ó ń mi orí díẹ̀díẹ̀ bí ẹni tó ń tọ́ ọbẹ̀ wò. Nígbà tó yá, ó bú sẹ́rìn-ín.

"Ìyá ìyá mi ló ń sọ̀rọ̀ yìí. Àní òun gan-an! Ẹ dákẹ́ ná." Ó tún tẹ́tí. Ẹ̀rín kúrò lójú rẹ̀. "Rárá o. Ìyá ìyá mi ló bẹ̀rẹ̀ ọ̀rọ̀ náà, ẹlòmíràn ló bá a parí ẹ̀."

Ìbídàpọ̀, olùtọ́jú yàrá náà, dúró lẹ́nu ọ̀nà, ó rò pé ìlẹ̀kẹ̀ ògbufọ̀ tó wà létí òun, irú èyí tí gbogbo wọn ní, ló ṣi ọ̀rọ̀ túmọ̀. Ó yọ ìlẹ̀kẹ̀ kékeré náà, ó fẹ́ atẹ́gùn sí i lára, ó dá a padà sétí. Bàbá náà kò yí ọ̀rọ̀ padà.

"Ẹni méjì ló wà nínú ìkòkò yìí, olùtọ́jú."

"Bàbá, ẹ fọkàn balẹ̀," Ọmọ́súyì akọ̀wé sọ láti ibi tó jókòó sí. "Ẹ̀ ń ṣe bí ẹni tí wọ́n bu omi mọ́ wàrà rẹ̀."

"Ọmọ mi, abúlé àwọn darandaran ni mo ti wá. Bí wọ́n bá bu omi mọ́ wàrà, mo máa ń mọ̀."

Ìkòkò amọ̀ ni, ó ga tó ìbàdí àgbàlagbà, wọ́n dá ihò wẹ́wẹ́ sí i lára kí atẹ́gùn Òkè Agbóhùn lè máa wọlé tu ẹ̀rọ inú rẹ̀ lára. Irú rẹ̀ lé ní ẹgbẹ̀rún lórí òkè náà, wọ́n pín wọn sí agboolé-agboolé gẹ́gẹ́ bí èdè inú wọn ṣe bá ara wọn tan. Èyí tó wà ní yàrá yìí, èdè Síkítíà ló ń sọ, èdè àwọn ẹlẹ́ṣin tó ń da ẹran kiri lórí pápá gbalasa lókè Òkun Dúdú láyé àtijọ́. Ó ń kọrin, ó ń fi ẹṣin ṣe yẹ̀yẹ́, ó ń bú òjò yìnyín. Ọdún mẹ́rìnlá ni Ìbídàpọ̀ ti ń kí i láràárọ̀, tí òun náà ń dá a lóhùn, débi pé bí òtútù bá fẹ́ mú Ìbídàpọ̀, ìkòkò yìí ló máa ń kọ́kọ́ mọ̀ lára ohùn rẹ̀.

"Ẹ jẹ́ kí èmi náà gbọ́," obìnrin tó jókòó lẹ́bàá fèrèsé sọ.

Zalina ni orúkọ rẹ̀, ìyá àgbà kan tó wọ aṣọ dúdú balẹ̀ dé ọrùn ẹsẹ̀. Òkè Káúkásù ló ti wá nítorí èdè Osẹ́tì, èdè ìbí rẹ̀. Ọjọ́ mẹ́fà ló lò nínú ọkọ̀ ojú irin. Bàbá Shambe ní tirẹ̀ ti àárín òkè Pàmírì wá, èdè Wákì ló ń ṣojú fún. Ọ̀rọ̀ kan náà ló gbé àwọn méjèèjì dé ilẹ̀ Èkìtì: nínú àwọn èdè tó ṣì wà láàyè, èwo ni àrólé Síkítíà?

Zalina tẹ́tí títí. Ìkòkò náà ń sọ nǹkan kan nípa abo ẹṣin tó kọ̀ láti rékọjá odò.

"Ìparí rẹ̀ jọ tiwa," obìnrin náà ní. "Ìbẹ̀rẹ̀ rẹ̀ ni n kò mọ ilé tó ti jáde."

"Ìbídàpọ̀ ọmọ Rẹ̀mílẹ́kún." Láti inú àjà ni ohùn náà ti wá. Olùpín ni. Ẹ̀rọ tó ń pín ogún èdè ni, ṣùgbọ́n ohùn bàbá àgbà ará Èkìtì ni wọ́n fi sí i lẹ́nu kí ìdájọ́ rẹ̀ má baà máa dun àwọn ènìyàn jù. "Ó ku wákàtí kan kí oòrùn kan àtàrí."

"Mo gbọ́, bàbá. Ẹ jọ̀ọ́, ẹ tún un kà kí àwọn àlejò gbọ́."

"Yàrá kọkànléláàádọ́rin. Agboolé Ìńdíà òun Yúróòpù, ilé Ìráànì, ẹ̀ka ìlà-oòrùn. Òkú: Síkítíà. Ìyá: ẹyọ kan. Àwọn tó ń béèrè ipò àrólé: Osẹ́tì, ọ̀kẹ́ mẹ́ẹ̀ẹ́dógún ẹnu, Wákì, ẹgbàajì ẹnu. Níbi tí ìyá bá ti jẹ́ ẹyọ kan, èyí tí ẹnu rẹ̀ pọ̀ jù ni yóò jókòó sílé. Kí ọmọ ẹni tó ṣí yàrá fọwọ́ lé òpó ilẹ̀kùn bí ẹ̀rí kí oòrùn tó kan àtàrí."

"Ìlà-oòrùn kẹ̀!" Ọmọ́súyì ní, ó kọjú sí Zalina. "Màmá, ẹ̀ka ìlà-oòrùn ni wọ́n kọ yín sí, bẹ́ẹ̀ ẹ̀yìn gbogbo wọn lápá ìwọ̀-oòrùn lẹ̀ ń gbé."

"Ẹṣin la gùn débẹ̀, ọmọ mi. Àwọn tó sọ ilé lórúkọ kò béèrè ibi tí a máa lọ sùn."

Ọmọ́súyì rẹ́rìn-ín. Bàbá Shambe kò rẹ́rìn-ín. Ó gbé ojú sókè sí àjà.

"Èdè tí kò bá jókòó sílé ńkọ́?"

"Èdè tí ẹnu rẹ̀ kò tó ẹgbàárùn-ún, tí kò sì ní àgbà kankan lórí òkè yìí, a ó pa Olùkọ́ rẹ̀, ẹ̀rọ tó ń fi èdè náà kọ́ àwọn ọmọ. Iná tó ń lò yóò lọ sọ́dọ̀ ẹlòmíràn."

Bàbá náà mọ ìdáhùn yìí tẹ́lẹ̀, ó kàn fẹ́ kí wọ́n sọ ọ́ níwájú rẹ̀ ni. Ó jókòó sórí ìtẹ́lẹ̀, ó nasẹ̀.

"Olùkọ́ wa kò ju páálí bàtà lọ," ó ní fún Ìbídàpọ̀, bí ẹni tó ń ròyìn ọmọ ilé rẹ̀ kan. "Orí òrùlé tó ga jù lábúlé la gbé e sí, kí oòrùn lè tètè bà á. Àwọn ọmọ wa ń lọ síṣẹ́ lẹ́yìn odi, èdè ibẹ̀ ni wọ́n ń gbé bọ̀ wálé. Àwọn ọmọ tí wọ́n bí síbẹ̀, Olùkọ́ ló ń fi ọ̀rọ̀ sí wọn lẹ́nu. Ó ń bá wọn ṣeré. Ó ń bá wọn jà pàápàá bí wọ́n bá ń ṣe ọ̀lẹ. Èmi? Mo ti pé ọdún mọ́kànlélọ́gọ́rin. Mo lè kọ́ ọmọ mẹ́ta. N kò lè kọ́ igba."

Zalina kọjú sí i.

"Bàbá, n kò wá gba nǹkan lọ́wọ́ yín o. Àwọn Aláànì ni baba ńlá wa. Ara Sàmátíà ni Aláànì ti jáde, Sàmátíà àti Síkítíà sì fẹ́rẹ̀ẹ́ máa gbọ́ ara wọn yékéyéké. Omi, 'don' là ń pè é títí dòní. Ẹ wo odò Don tó ń ṣàn lọ sí òkun tó wà níbẹ̀. Láti kékeré ni wọ́n ti ń sọ fún wa pé àwa nìkan ló kù nínú ilé náà."

"Omi kì í jẹ́ bẹ́ẹ̀ lọ́dọ̀ wa," bàbá náà ní jẹ́jẹ́.

"Ẹṣin ńkọ́?" Ìbídàpọ̀ béèrè.

Kò mọ ohun tó mú òun béèrè. Bóyá nítorí pé gbogbo orin ìkòkò náà kò ju orí ẹṣin lọ.

"Yaṣ," bàbá náà ní.

"Abo ẹṣin, yefs là ń pè é," Zalina ní. "Ìyẹn ti pẹ́ lẹ́nu wa ju akọ lọ."

Ìbídàpọ̀ yọ ìlẹ̀kẹ̀ ògbufọ̀ kúrò létí. Ọdún mẹ́rìnlá, kò yọ ọ́ rí láti fi etí lásán gbọ́ ìkòkò náà. Ìgbà tó jẹ́ pé Yorùbá tó dán mọ́rán ló ń bọ́ sí i létí, kí ló fẹ́ yọ ọ́ fún? Ó kúnlẹ̀ ti ìkòkò, ó sì bẹ̀ ẹ́ kó kọ orin abo ẹṣin lẹ́ẹ̀kan sí i. Ìkòkò náà kọ ọ́ tayọ̀tayọ̀. Létí lásán, orin náà le díẹ̀, ó ń ta kẹ́kẹ́. Ìbídàpọ̀ kò gbọ́ ìtumọ̀ rẹ̀, ṣùgbọ́n ó gbọ́ ẹṣin. Nígbà tí ẹṣin náà ń sáré bọ̀ lápá òkè orin, orúkọ kan ló ń jẹ́, èyí tó jọ ti Bàbá Shambe. Nígbà tó dé etí odò, ó ti ń jẹ́ orúkọ mìíràn tó jọ ti Zalina. Ògbufọ̀ ti ń pe méjèèjì ní ẹṣin fún un láti ọjọ́ yìí wá, ó sì ti fi bẹ́ẹ̀ bá a bo ojú ibi tí wọ́n ti rán méjèèjì pọ̀ mọ́lẹ̀.

Ìbídàpọ̀ dá ìlẹ̀kẹ̀ padà sétí, ó dìde. "Ọmọ́súyì, wá bá mi gbé ìkòkò yìí."

"Àǹtí mi, ìkòkò màmá yín?"

"Gbé e."

Ẹnikẹ́ni kì í gbé ìkòkò tí ìyá ẹni bá gbé kalẹ̀ kúrò nípò. Òun náà mọ̀ bẹ́ẹ̀. Wọ́n fi ọwọ́ mẹ́rin gbé e tì sẹ́gbẹ̀ẹ́ kan, ó sì rí àwo ìṣílé lábẹ́ rẹ̀, èyí tó ń tọ́jú ohùn ẹni tó ṣí yàrá, tó tutù, tí erùpẹ̀ ti bò. Ó fi etí aṣọ nù ún. Ohùn ìyá rẹ̀, Rẹ̀mílẹ́kún, tó ti kú láti ọdún mẹ́sàn-án sẹ́yìn, sì jáde nínú yàrá náà pẹ̀lú ariwo òjò lẹ́yìn rẹ̀.

"Èmi Rẹ̀mílẹ́kún ni mo ṣí yàrá yìí. Àlejò méjì ló dé bá mi lónìí nínú òjò. Èkíní gbé àwòrán òkúta wá láti etí Òkun Dúdú, orúkọ àwọn tó ti kú ló wà lára wọn. Èkejì gbé àwòrán ìwé wá, ìwé àwọn onísìn Búdà tí wọ́n hú jáde nínú iyanrìn aṣálẹ̀ Kótánì, ó ní èdè Sákà ni. Mo bi wọ́n pé ṣé wọ́n tan? Wọ́n ní àwọn tan. Àwọn Gíríìkì ní Síkítíà ni gbogbo irú wọn. Àwọn ará Páṣíà ní Sákà ni gbogbo irú wọn. Yàrá ẹyọ kan ló kù mí kù. Mo wá sọ fún Olùpín pé iyekan ni wọ́n, ọmọ ìyá kan náà." Ariwo òjò pọ̀ sí i. "Kí ni kí n sọ? Ṣé kí n dúró lẹ́nu ọ̀nà kí n máa ka ìyá fún wọn?"

Ọmọ́súyì mí kanlẹ̀. "Màmá yín ṣe é bí a ti ń ṣe é. Ta ló ń ya ọbàkan sọ́tọ̀ lójú àlejò? Ìyàwó bàbá mi mẹ́ta ló tọ́ mi. Bí ẹ bá bi mí léèrè níta, ọmọ ìyá mi ni gbogbo wa."

"Níta nìyẹn," Ìbídàpọ̀ ní. "Bí bàbá bá kú tí ẹ fẹ́ pín ogún ńkọ́?"

"Háà. Ìyẹn di ìdí-igi. A ó ka ìyá nígbà yẹn, ẹni tó bá fẹ́ sunkún kó sunkún."

Zalina ń wò wọ́n. "Ẹ ṣàlàyé fún mi."

Ìbídàpọ̀ wá ọ̀rọ̀ tí kò ní le jù fún àlejò. "Àwọn ará Èkó ayé àtijọ́, ará òkè ni wọ́n máa ń pe gbogbo wa. Ìjẹ̀ṣà, Èkìtì, Ìgbómìnà, ibi yòówù kéèyàn ti wá, ará òkè ni. Kò sí ìbínú níbẹ̀. A tan lóòótọ́. Ṣùgbọ́n ká ní ẹnì kan wá kó ìdajì ọ̀rọ̀ ìyá àgbà mi, ó kó ìdajì ọ̀rọ̀ ará Ìgbómìnà kan, ó pò ó pọ̀ sínú ìkòkò, ó ní èdè ará òkè nìyí. Ẹ̀yin ẹ rò ó wò. Á máa sọ̀rọ̀. Á dùn ún gbọ́. Ta ni yóò jẹ́ ìyá rẹ̀?" Ó gbé ojú sókè. "Olùpín, níbo lẹ ti rí ọ̀rọ̀ tí ìkòkò yìí ń sọ?"

"Ohun tí kò sí lára òkúta, mo mú un nínú ìwé Kótánì. Ohun tí kò sí nínú méjèèjì, mo mú un lẹ́nu àwọn alààyè tó wà nínú ilé náà. Iyekan ni wọ́n sọ fún mi."

"Èyí tó wá láti ara òkúta nìkan ńkọ́?"

"Orúkọ ènìyàn, púpọ̀. Orúkọ odò. Ọ̀rọ̀ díẹ̀ tí àwọn Gíríìkì kọ sílẹ̀. Kò sí gbólóhùn kan ṣoṣo tó pé."

Kò sí gbólóhùn kan ṣoṣo. Ìbídàpọ̀ wo ìkòkò tó ti ń bá a ṣàwàdà láti ọdún mẹ́rìnlá.

"Bí mo bá sọ pé ìyá méjì ni?"

"A ó pín yàrá náà ní ìdí-igi. Ohùn tó ń bẹ nínú ìkòkò yóò dákẹ́, nítorí kò sí ẹni tó ni ín. Ẹni tó ṣí yàrá ti jẹ́rìí sí ohun tí kò rí bẹ́ẹ̀. Ọwọ́ ilé rẹ̀ yóò kúrò lára òpó, ilé rẹ̀ kò sì ní tọ́jú yàrá kankan mọ́ lórí òkè yìí."

"Àǹtí mi," Ọmọ́súyì rọra ní, "ẹ kàn fọwọ́ lé òpó, ká lọ jẹ òjòjò. Àwo yẹn, a ó dá a padà sábẹ́ ìkòkò. Kò sí ẹni tó rí i."

"Gbogbo wa la rí i, Ọmọ́súyì."

Zalina ti dìde. "Olùpín, bí èmi bá yẹra fún ipò náà ńkọ́?"

"Ẹni tó bá yẹra, ìran rẹ̀ kò tún gbọdọ̀ béèrè láéláé. Wákì ni yóò jogún gbogbo rẹ̀, àtòkúta àtìwé."

Zalina gbé ojú sí àwọn àwòrán òkúta tó wà lára ògiri pẹ̀lú àwọn ti ìwé. Ó tún jókòó. "Àwọn tó wà lára òkúta yẹn," ó ní, "n kò lè fi ọwọ́ ara mi tì wọ́n síta."

"Èmi náà kò fẹ́ máa pe òkú ẹlòmíràn ní bàbá," Bàbá Shambe ní láti ilẹ̀.

Ìyẹn já sí pé ọwọ́ Ìbídàpọ̀ ló kù. Ó rìn lọ síbi òpó ilẹ̀kùn. Àmì àtẹ́lẹwọ́ Rẹ̀mílẹ́kún wà nínú amọ̀ òpó náà, ìka àárín rẹ̀ tẹ̀ díẹ̀ níbi tí ọlọ ti ṣubú lé e nígbà tó wà lọ́mọge. Ìbídàpọ̀ wò ó. Kì í ṣe ilé tí wọ́n máa lé e kúrò nínú rẹ̀ ló ń rò. Lójú gbogbo ènìyàn, ní ohùn rara, ó fẹ́ sọ pé ọ̀rọ̀ tí ìyá òun sọ kò rí bẹ́ẹ̀. Kò sí ẹnikẹ́ni ní agboolé wọn tó ṣe irú ẹ̀ rí. Wọ́n á gbọ́ nílé kó tó dé. Ẹ̀gbọ́n rẹ̀ ọkùnrin lè má bá a sọ̀rọ̀ títí di ọdún tó ń bọ̀.

Ó yí orí padà, ó rí Bàbá Shambe. Bàbá náà kò bẹ̀ ẹ́. Ó kàn ń tẹjú mọ́ ìkòkò tó wà lẹ́gbẹ̀ẹ́ rẹ̀, bí ẹni tí ó ṣì fẹ́ mọ ibi tí ọ̀rọ̀ ìyá ìyá rẹ̀ pin sí.

Ìbídàpọ̀ kúnlẹ̀ kí ìyá rẹ̀ kó tó gbé ọwọ́ sókè.

"Ìyá mi, ẹ kú ìtọ́jú àlejò. Òjò ń rọ̀, ẹ sì wá òrùlé fún wọn. Òjò náà ti dá." Ó fi ọwọ́ sínú ọwọ́ ìyá rẹ̀. "Olùpín, ìdí-igi ni kẹ́ ẹ pín in."

"Ìyá mélòó?"

"Méjì. Wọn kì í ṣe iyekan. Ọbàkan ni wọ́n. Ilé Ìráànì kan náà, ẹ̀ka ìlà-oòrùn kan náà, ṣùgbọ́n ìyá wọn yàtọ̀. Ẹni tó wà lára òkúta ní ìyá tirẹ̀. Ẹni tó wà nínú ìwé Kótánì ní ìyá tirẹ̀. Bóyá àwọn mìíràn ṣì wà tí a kò tíì rí."

"Mo gbọ́."

Ìkòkò náà wà láàárín ọ̀rọ̀ kan. Kò parí rẹ̀.

Ògiri amọ̀ jáde láti inú ilẹ̀ láàárín yàrá, ó ń lọ sókè jẹ́jẹ́, kò pariwo. Àwòrán ìwé Kótánì lọ sápá ọ̀tún, àwòrán òkúta lọ sápá òsì.

"Àrólé apá ọ̀tún," Olùpín ní, "Wákì."

"Ẹ dúró o," Bàbá Shambe ní. "Kí n sòótọ́. Èdè Kótánì kì í ṣe bàbá wa gan-an. Ó dà bí ẹ̀gbọ́n bàbá."

"Àgbà ni òfin béèrè. Àgbà ti wà nílé. Olùkọ́ Wákì yóò máa bá iṣẹ́ lọ. Apá òsì di ti Osẹ́tì."

Bàbá náà fi ọwọ́ méjèèjì bojú. Ọmọ́súyì lọ jókòó tì í, ó béèrè kí ni orúkọ rẹ̀ túmọ̀ sí.

"Shambe? Ọjọ́ Sátidé. Ọjọ́ tí wọ́n bí mi ni."

"A ní Jímọ̀ rẹpẹtẹ ládùúgbò wa. Ẹ̀yin ni Sátidé àkọ́kọ́ tí mo máa rí."

Bàbá náà rẹ́rìn-ín nínú ẹkún. Ní òpó ilẹ̀kùn, amọ̀ ń rọ̀ lábẹ́ ọwọ́ Ìbídàpọ̀, ó ń kún díẹ̀díẹ̀, àwọn ìka ìyá rẹ̀ ń pa dé lọ́kọ̀ọ̀kan, títí òpó náà fi tẹ́jú. Ìbídàpọ̀ gbé ọwọ́ kúrò. Nígbà tó fẹ́ wọlé lọ kó aṣọ rẹ̀, ilẹ̀kùn dún láti kọ̀ fún un. Ó fà sẹ́yìn. Ọmọ́súyì ló bá a kó o jáde, tòun ti bàtà.

Ó jókòó sórí pèpéle níta, ó gbé ẹrù sórí ẹsẹ̀. Kò tíì mọ ohun tí yóò sọ nílé. Yàrá tó wà lẹ́yìn rẹ̀ dákẹ́ rọ́rọ́, ó sì ṣe é bí ẹni pé etí òun ló di.

Nígbà tó ṣe, ó gbọ́ ohùn Zalina lápá òsì. Obìnrin náà dúró síwájú àwòrán òkúta, ó ń ka orúkọ, ó ń dúró lórí ọ̀kọ̀ọ̀kan bí ẹni tó ń wá ojú ẹni tó ni ín.

"Áspákọ́sì," ó kà. "Ẹṣin wà nínú èyí." Ó kọjá sí òmíràn. "Púrtáíọ́sì. Ọmọ wà nínú ìyẹn. Ọlọ́mọ púpọ̀, bí n kò bá ṣì í gbọ́."

Ìbídàpọ̀ yí orí sẹ́gbẹ̀ẹ́ ògiri. "Ta ni?" ó béèrè láti ìta.

"Púrtáíọ́sì."

"Kí ló ń ṣe láyé?"

"Òkúta kò sọ."

"Ó bí ọmọ púpọ̀ lóòótọ́, àbí wọ́n kàn fi ṣàdúrà fún un ni?"

Zalina rò ó. "Òkúta kò sọ ìyẹn náà."

Ìbídàpọ̀ gbìyànjú orúkọ náà lẹ́nu, ó kọsẹ̀ níbi kan, ó tún un pè títí ó fi jáde dáadáa. Ó wá sún mọ́ ẹnu ọ̀nà títí dé ibi tí ilẹ̀kùn kò ní dún.

"Ta ló kàn?" ó ní.